Olè Tó Fi Èyí Tó Yára Sílẹ̀

Olè wọ ilé eré kan ní Savalou, níbi tí àwọn èèyàn ti ń sanwó ṣeré lórí kọ̀ǹpútà, ó tú àpótí kọ̀ǹpútà, ó bá dísìkì méjì tí ẹ̀rọ náà ń kó nǹkan pamọ́ sí nínú rẹ̀. Ọ̀kan jẹ́ tuntun, ó yára bí ẹṣin, kò tíì pẹ́ tí wọ́n gbé e dé láti Kútọnu. Èkejì ti gbó. Bí ẹ bá ní kó ṣí eré kan, ẹ lè lọ ra àkàrà lẹ́yìn ọjà, kí ẹ sì padà wá bá a níbi tó ti ń kérora. Olè mú èyí tó gbó. Ó fi tuntun sílẹ̀, ó dé àpótí náà padà, ó sì tún àwọn ìdè onírin kéékèèké oníyíyí tó wà lẹ́yìn rẹ̀ dè lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ọ̀rọ̀ tí ọlọ́pàá kan tó ń jẹ́ Djaffar gbé wá síwájú Inspẹ́tọ̀ Abdias nìyẹn láàárọ̀ ọjọ́ Ajé kan, lọ́dún 1998. Abdias gbọ́ ọ bí ẹni tí wọ́n bu oúnjẹ àná fún. Ọmọ ìlú Pira ni, ó ti pẹ́ nínú iṣẹ́ ọlọ́pàá débi pé orúkọ àwọn olè tó ti mú ti ń dàrú mọ́ orúkọ àwọn ọmọ wọn lórí rẹ̀. Òjò ọ̀sẹ̀ yẹn ti wọ orúnkún rẹ̀ lọ. Lánàá, ó dúró pẹ́ nínú aṣọ funfun rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, ara rẹ̀ ò sì tíì bọ̀ sípò.

"Ta lẹ mú?" ló bi í.

"Ọmọ Bantè kan, Ṣẹ́ẹ̀fù. Imorou lorúkọ rẹ̀, kọ̀ǹpútà ló ń tún ṣe. Òun ló wá kó àwọn eré kúrò nínú dísìkì àtijọ́ sínú tuntun lọ́jọ́ Jímọ̀. Nígbà tó padà wá lọ́jọ́ kejì láti parí iṣẹ́, ó ṣí àpótí, ó ní òun ò rí ti àtijọ́ mọ́. Gafarou tó ń bójú tó ilé eré náà tú àpò rẹ̀, ó sì bá dísìkì kan níbẹ̀."

"Ó tán nìyẹn?"

"Wọ́n ti lù ú ká tó dé. Ìrọ̀lẹ́ ọ̀la ni wọ́n fẹ́ gbé e lọ sọ́dọ̀ adájọ́ ní Àbómè."

Abdias nawọ́ mú fìlà rẹ̀. Ohun tó wù ú ni kó fọwọ́ sí i, kó jẹ́ kí wọ́n gbé ọkùnrin náà lọ. Ṣùgbọ́n olè tó tún ìdè dè kò jẹ́ kó ráyè sinmi. Olè kì í tún ilé ṣe kó tó jáde.

*

Imorou jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ nínú àtìmọ́lé, ó fi ẹ̀yìn ti ògiri. Ojú rẹ̀ kan ti wú pa.

"Ṣẹ́ẹ̀fù, mi ò jí nǹkan kan."

"Mi ò tíì bi ọ́ léèrè ìyẹn. Iṣẹ́ tó o ṣe ni kó o ṣàlàyé fún mi. Rọra sọ ọ́, wọn ò kọ́ àwa ní kọ̀ǹpútà."

Imorou nu ètè rẹ̀. "Eré tó wà nínú dísìkì àtijọ́ lọ́ra, àwọn oníbàárà ń kùn. Gafarou ra tuntun, ó ní kí n kó wọn lọ síbẹ̀. Àmọ́ a kì í ru eré bí ẹní ru iṣu láti oko ní ìlú Koko wálé. Bí ẹ bá kàn gbé e, kò ní mọ̀ pé òun ti kó kúrò. Á ṣì máa lọ wá ẹrù rẹ̀ ní ilé àtijọ́. Ẹ ní láti tún ọ̀nà júwe fún un, nǹkan kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ibi tó wà báyìí. Ó máa ń pẹ́."

"O sì ṣe bẹ́ẹ̀?"

"Rárá o. Gafarou ò gbà mí láyè. Àwọn sìídì tí wọ́n fi kó eré náà wọlé níjọ́sí ṣì wà, ni mo bá tún gbogbo rẹ̀ kó sínú tuntun láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tó kọ́ ilé mìíràn ni mí, mi ò gbé ti àtijọ́ rárá."

"Kí ló wá kù sínú ti àtijọ́?"

"Ohun tí àwọn èèyàn fi ọwọ́ ara wọn fi kún un. Ibi tí kálukú bá eré dé, orúkọ wọn, àwọn nǹkan wẹ́wẹ́ bẹ́ẹ̀. Mo ní kí Gafarou jẹ́ kó wà níbẹ̀ fún ìgbà díẹ̀ ná, bóyá ẹnì kan á béèrè ohun tiẹ̀. Ó kọ̀. Ó ní kí n wá nù ún mọ́ tónítóní lọ́jọ́ kejì, òun fẹ́ fi sínú ẹ̀rọ mìíràn."

"Ta ló wà níbẹ̀ nígbà tó sọ bẹ́ẹ̀?"

"Àwa méjì péré."

"Èyí tí wọ́n bá nínú àpò rẹ ńkọ́?"

"Ti ilé ẹ̀kọ́ kan ní Bantè ni. Ó ń ṣàìsàn, wọ́n ní kí n bá àwọn wò ó. Ìyàwó mi mọ̀ nípa rẹ̀." Ó gbójú sókè. "Ṣẹ́ẹ̀fù, ẹni tó ń tú ẹ̀rọ ẹlẹ́rọ, orúkọ rẹ̀ nìkan ló ní. Bí wọ́n bá gbé mi dé Àbómè, bí wọ́n tiẹ̀ dá mi sílẹ̀ lọ́jọ́ náà, ta ló tún máa gbé ẹ̀rọ fún mi?"

Abdias ní kí Djaffar wá omi gbígbóná àti aṣọ mímọ́ fún ojú náà.

*

Yàrá iwájú nínú ilé ńlá kan lẹ́bàá ọjà ni ilé eré náà. Ramanou ló dá a sílẹ̀, oníṣòwò tó máa ń ná Kútọnu, ẹni tí gbogbo Savalou mọ̀ mọ́ ẹ̀rín. Ibà mú un ní àìpẹ́ yìí, kò sì dìde mọ́. Àbúrò rẹ̀, Gafarou, ló ń ṣílẹ̀kùn báyìí. Ọ̀rọ̀ ń dà lẹ́nu rẹ̀, ojú rẹ̀ pọ́n bí ojú ẹni tí kì í sùn.

"Ṣẹ́ẹ̀fù, ọ̀rọ̀ yìí ò ní wàhálà nínú. Imorou ni. Ẹ wo àgádágodo, kò já. Ẹ wo fèrèsé, irin wà níbẹ̀. Ó ti mọ ibi tí mò ń fi kọ́kọ́rọ́ sí."

"Níbo lo ń fi sí?"

"Inú àpò mi."

"Ó mọ inú àpò rẹ?"

Gafarou fọwọ́ kan àpò náà.

Abdias rọra bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, orúnkún rẹ̀ ké. Ó wo ẹ̀yìn àpótí kọ̀ǹpútà náà. Yíká àwọn ìdè kéékèèké yẹn ni irin ti họ, àpá tuntun, bí ìgbà tí nǹkan ẹlẹ́nu ṣóńṣó ń yọ̀ kúrò lórí wọn. Ó ní kí wọ́n kó irinṣẹ́ Imorou wá. Irin tí Imorou fi ń tú ìdè bọ́ sójú wọn rẹ́gí, kò yọ̀, kò sì fi àpá sílẹ̀. Abdias dìde láìsọ nǹkan kan.

"Ilẹ̀kùn yìí ńkọ́?" Ó tọ́ka sí ọ̀kan ní ẹ̀yìn yàrá náà.

"Inú ilé ló wọ̀. Àwọn obìnrin ló wà níbẹ̀. Sétou, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi, wà nínú opó, kì í yọjú síta. Rahimath, ẹ̀gbọ́n wa obìnrin, ló ń bá a gbé. Èmi kì í sùn níbí."

Abdias mirí. Ó ti ara rẹ̀ kúrò lẹ́nu ilẹ̀kùn náà bí gbogbo ọkùnrin ìlú yẹn ṣe máa ń ṣe níbi tí opó bá wà. Nígbà tó yá ló ṣẹ̀ṣẹ̀ wá mọ̀ pé ibẹ̀ lòun ti ṣìnà.

"Bí kì í bá ṣe Imorou," ni Gafarou wí, "á jẹ́ Célestin. Òun náà ní ilé eré, lẹ́gbẹ̀ẹ́ gáráàjì. Kò fẹ́ kí tiwa lọ síwájú."

*

Djaffar wa alùpùpù, Abdias sì jókòó sẹ́yìn rẹ̀ lọ sí Bantè. Ẹrẹ̀ pupa ta sí wọn lára débi àyà. Abdias gbé dísìkì tí wọ́n bá nínú àpò Imorou sábẹ́ aṣọ òjò rẹ̀.

Ìyàwó Imorou, Chakirath, wà nínú ilé iṣẹ́ ọkọ rẹ̀, láàárín àwọn kọ̀ǹpútà tí ikùn wọn ṣí sílẹ̀. Ó gbé omi fún wọn kó tó bi wọ́n ní nǹkan kan. Nígbà tí Abdias mu omi tán, Chakirath ní:

"Ṣé wọ́n ti fún un lóúnjẹ?"

"Ó ti jẹun."

"Ṣé wọ́n lù ú?"

Abdias wo ife tó wà lọ́wọ́ rẹ̀. "Kì í ṣe àwa," ló sọ, ó sì mọ̀ bí ọ̀rọ̀ náà ti kéré tó. Ó gbé dísìkì náà lé orí tábìlì. "Ṣé o mọ èyí?"

Chakirath ò tiẹ̀ yí i wò lẹ́ẹ̀mejì. Ó so ó mọ́ ẹ̀rọ kan, ó sì tàn án. Dísìkì náà gbọ̀n, ó ha, ó dákẹ́, ó tún ha. Nígbà tó yá, ojú ẹ̀rọ mọ́lẹ̀, ìbéèrè ìdánwò ilé ẹ̀kọ́ sì yọ síbẹ̀, ti ìṣirò àti ti èdè Faransé, pẹ̀lú orúkọ ilé ẹ̀kọ́ ní òkè rẹ̀.

"Eré kankan ò tíì wọ inú èyí rí," ni Chakirath wí. "Bí ẹnì kan tiẹ̀ fẹ́ kó eré sí i, inú rẹ̀ ò gbà á."

Djaffar mí kanlẹ̀. "Ṣẹ́ẹ̀fù, a ti já sí asán nìyẹn."

"A ò já sí asán," ni Abdias wí. "A ti dín ọ̀kan kù."

Bí wọ́n ṣe ń gun alùpùpù, Chakirath sáré jáde, ó di ẹ̀bà àti ẹja sínú abọ́, ó gbé e fún Djaffar. Kò sọ ẹni tó ni ín. Abdias gbà á lọ́wọ́ Djaffar, ó gbé e lé itan títí wọ́n fi dé Savalou.

*

Nígbà tí Célestin gbọ́ ẹ̀sùn tí wọ́n fi kàn án, ẹ̀rín ló kọ́kọ́ rín. Ọkùnrin tó sanra ni, kọ̀ǹpútà mẹ́ta ló ní lábẹ́ òrùlé páànù kan.

"Ṣẹ́ẹ̀fù, sìídì tí Ramanou fi kó eré rẹ̀ wọlé, èmi ni mo yá a. Kí n tún wá jí ohun tí mo fún un? Bó bá sì jẹ́ pé mo fẹ́ jalè lóòótọ́, ṣé èyí tó ń wọ́ yẹn ni n ó mú?"

"Wọ́n ní o ò fẹ́ kí ilé eré wọn lọ síwájú."

Ẹ̀rín náà kúrò lójú Célestin. "Nígbà tí Ramanou wà láyé, àárọ̀ ni mo máa ń lọ síbẹ̀ lọ mu kọfí, kí n tó wá ṣí tèmi. Nígbà tó kú, mo ṣì ń lọ. Ẹ béèrè lọ́wọ́ Gafarou. Mi kì í pẹ́. N ó kàn dúró kó tan ẹ̀rọ, lẹ́yìn náà n ó máa lọ."

"Kí ló dé tó o fi ń dúró kó tan ẹ̀rọ?"

"Nítorí ohùn rẹ̀." Ó wo Abdias bíi pé ó yẹ kí gbogbo èèyàn ti mọ̀. "Ramanou fi ohùn ara rẹ̀ sínú kọ̀ǹpútà yẹn. Ó ní ohun kékeré kan tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ sí. Bí ẹ̀rọ bá ti jí báyìí, òun lẹ ó kọ́kọ́ gbọ́, á máa bá àwọn oníbàárà jà. Ẹ̀rín ló máa ń pa wá. Lẹ́yìn tí wọ́n sin ín, ẹ̀rọ ṣì ń jí láràárọ̀, ó ṣì ń bá wa jà."

"Ṣé ó ṣì ń sọ̀rọ̀ báyìí?"

"Ó ti tán. Mo lọ wo dísìkì tuntun lọ́jọ́ tí wọ́n kó eré náà. Ẹ̀rọ jí kíákíá, bí iná tí wọ́n tẹ̀. Kò sọ nǹkan kan. Mo jáde, mi ò tíì padà síbẹ̀."

Abdias jókòó sórí bẹ́ǹṣì Célestin láìjẹ́ pé wọ́n ní kó jókòó. Òjò tún bẹ̀rẹ̀ sí í ta lórí páànù. Ó ń ro ọ̀rọ̀ náà díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ń gun òkè. Ẹni tó bá fẹ́ ohun tó níye lórí, tuntun ni ì bá mú. Ẹni tó bá fẹ́ eré, eré ti wà nínú tuntun. Nítorí náà, ohun tí olè yìí fẹ́ ò sí níbòmíràn àfi nínú ti àtijọ́, Imorou ò sì kó o sínú tuntun, nítorí kò sẹ́ni tó sọ fún un pé ó wà níbẹ̀. Ó sì ní láti mú un kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́ dáadáa, nítorí ọjọ́ náà ni wọ́n fẹ́ nù ún. Ta ló mọ̀ pé wọ́n fẹ́ nù ún? Imorou àti Gafarou nìkan ló wà nínú yàrá.

Nínú yàrá. Abdias fi ọwọ́ méjèèjì bo ojú rẹ̀.

"Ṣẹ́ẹ̀fù, ṣé kò sí nǹkan o?" ni Célestin bi í.

"Ó rẹ̀ mí ni," ni Abdias wí. "Mo ti kọjá lẹ́nu ilẹ̀kùn kan láìwò ó."

*

Lọ́jọ́ kejì, Abdias ní kí Gafarou dúró sínú ilé eré kó máa bá Djaffar sọ̀rọ̀, bó ṣe máa ń sọ ọ́. Òun fúnra rẹ̀ gba ẹnu ọ̀nà àgbàlá wọlé. Ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri níbi tí aṣọ aláwọ̀ aró kan bo ẹnu ọ̀nà yàrá opó. Ó gbọ́ gbogbo ohun tí Gafarou ń wí. Ó gbọ́ ọ nígbà tó ń wúkọ́.

Rahimath, àgbà obìnrin tí ìlẹ̀kẹ̀ tẹ̀sùbáà wà lọ́wọ́ rẹ̀, dìde dí i lọ́nà.

"Inspẹ́tọ̀, ọkùnrin àjèjì kì í wọlé tọ opó."

"Mi ò ní wọlé, ìyá. N ó jókòó sẹ́yìn aṣọ níbí. Ẹ̀yin náà ẹ jókòó tì wá."

Rahimath gbé àpótí ìjókòó fún un. Ohun kan nínú bó ṣe gbé e jẹ́ kí Abdias mọ̀ pé ó ti ń retí òun.

"Ìyá Aminatou," ni Abdias wí, ó fi orúkọ ọmọ Sétou pè é, "ẹ kú àfẹ́kù ọkọ yín. Ọlọ́run á kẹ́ wọn, á sì forí jìn wọ́n."

"Àmín." Ohùn náà rọ̀, ó sì súnmọ́ tòsí. Ẹ̀gbẹ́ ògiri gan-an ni Sétou jókòó sí.

"Ibí yìí lẹ máa ń jókòó?"

"Ibí ni."

"Gbogbo ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá sọ lọ́hùn-ún ló ń dé ibí."

Lọ́hùn-ún, Gafarou tún wúkọ́.

"Ẹ gbọ́ nígbà tí Gafarou ní kí wọ́n wá nù ún."

"Inspẹ́tọ̀, ọ̀rọ̀ yẹn ti tó," ni Rahimath yára wí.

"Ọ̀bẹ wo lẹ fi tú u, Ìyá Aminatou?"

Òjò ń kán láti ẹ̀gbẹ́ òrùlé sínú garawa kan lágbàlá. Lẹ́yìn náà, ohùn náà tún dé, kò ga ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

"Èyí tí mo fi ń bó ọsàn ni. Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ kí wọ́n máa wí, ó ti rẹ̀ mí."

Rahimath jókòó. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ka tẹ̀sùbáà rẹ̀ láìyanu.

"Láti ìgbà tí wọ́n ti sin Bàbá Aminatou, mi ò lè jáde," ni Sétou wí. "Àwọn ọkùnrin ń lọ sí ibojì wọn. Èmi, ibi ògiri yìí ni tèmi. Bí Gafarou bá ti ń tú àgádágodo, n ó ti wá jókòó. Ẹ̀rọ yẹn lọ́ra, n ó máa dúró, n ó máa dúró, lẹ́yìn náà wọ́n á sọ̀rọ̀. Ó tó mi. N ó lè gbọ́ oúnjẹ lọ́jọ́ náà. Lọ́jọ́ Jímọ̀ yẹn, mo gbọ́ tí ẹ̀rọ jí. Wọn ò sọ̀rọ̀. Mo rò pé etí mi ni. Mo wá gbọ́ tí Gafarou ní kí wọ́n nu ti àtijọ́ mọ́."

"Ẹ ò bá Gafarou sọ ọ́?"

"Ó rán mi sí i," ni Rahimath wí, ó ń wo ilẹ̀. "Gafarou ní ẹ̀rọ kì í ṣe ibojì. Ó ní kí ìyàwó máa ṣe àdúà."

"Ni mo bá dìde kí wọ́n tó pe ìrun ìdájí," ni Sétou wí. "Mo ti máa ń rí Bàbá Aminatou tí wọ́n ń ṣí àpótí yẹn, mo mọ èyí tó jẹ́ ti àtijọ́, òun ni eruku bò. Mi ò fẹ́ ba nǹkan ẹnikẹ́ni jẹ́. Mo tún un dè."

Abdias jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà lọ tán kó tó bi í léyìí tó kù, èyí tí kò fẹ́ béèrè.

"Ẹ mọ̀ pé wọ́n ti mú ọmọ Bantè yẹn?"

Lẹ́yìn aṣọ, ẹní dún bí Sétou ṣe yí ara padà.

"Mo mọ̀. Mo gbọ́ bí wọ́n ṣe ń lù ú. Ògiri yìí kì í ṣa ohùn." Ó ń sunkún báyìí, kò sì fi pa mọ́. "Ó ń bẹ̀ wọ́n. Lójoojúmọ́ ni mò ń wí pé lọ́la n ó sọ. Bí mo bá sọ, wọ́n á gbà á, wọ́n á nù ún, ó parí nìyẹn. Mi ò ní gbọ́ wọn mọ́ láyé."

"Ìrọ̀lẹ́ òní ni wọ́n fẹ́ gbé e lọ sí Àbómè. Ó ní ìyàwó. Ó bi mí bóyá ọkọ rẹ̀ ti jẹun."

Aṣọ ẹnu ọ̀nà mì. Ọwọ́ kan yọ lábẹ́ rẹ̀, ó ti nǹkan kan síwájú lórí ẹní, ohun tí wọ́n fi gèlè dì. Abdias gbé e. Kò wúwo tó ìwé Bíbélì rẹ̀.

*

"Ìyàwó ilé!" Gafarou ń pariwo. "Ìyàwó ilé ló ń jalè! Ṣẹ́ẹ̀fù, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀!"

"Ta ló ni dísìkì yìí?" ni Abdias bi í.

"Ti ẹ̀gbọ́n mi ni."

"Ẹ̀gbọ́n rẹ ti kú. Ṣé ẹ ti pín ogún?"

Gafarou yíjú sí ẹnu ọ̀nà.

"Mò ń bi ọ́."

"Ó di ìgbà tí ìyàwó bá jáde opó."

"Ó dáa. Nínú ẹrù tí ẹ ò tíì pín, ìyàwó gbé nǹkan kan kúrò ní yàrá kan sí yàrá kejì, ó sì tọ́jú rẹ̀. Ìwọ fẹ́ nù ún kúrò láyé. Èwo nínú yín ni n ó kọ sílẹ̀? Lẹ́yìn ìyẹn, ìwọ àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ lu ẹni tí kò ṣẹ̀ yín. Ìyẹn gan-an ni òfin ní orúkọ fún."

Gafarou jókòó sórí àga oníbàárà. Ó wo kọ̀ǹpútà náà, ó gbé ojú kúrò. Nígbà tó tún sọ̀rọ̀, ariwo ti tán lẹ́nu rẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n tèmi náà ni, Ṣẹ́ẹ̀fù."

"Mo mọ̀."

"Ẹ ò mọ̀. Èmi ni mò ń tan ẹ̀rọ yìí láràárọ̀. Èmi ni mo wẹ̀ ẹ́, èmi ni mo gbé e sínú ilẹ̀. Bí mo bá tẹ nǹkan yìí, á bẹ̀rẹ̀ sí í bá mi sọ̀rọ̀ lójú gbogbo èèyàn, àwọn oníbàárà á máa rẹ́rìn-ín, èmi náà á sì rẹ́rìn-ín. Mi ò lè sùn mọ́. Ṣé nítorí pé eré ń lọ́ra ni mo ṣe ra tuntun? Mo fẹ́ kó dákẹ́ ni." Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu imú. "Nígbà tí mi ò rí ti àtijọ́, mo rò pé Imorou mú un lọ láti máa fi ohùn ẹ̀gbọ́n mi ṣeré kiri. Ìyẹn ló bí mi nínú."

Abdias ti ń retí òpùrọ́ láti àná. Ẹni méjì tó ń ṣọ̀fọ̀ ló bá, ògiri kan láàárín wọn, wọn ò sì bá ara wọn sọ ọ́. Ó rẹ̀ ẹ́ ju bó ṣe rẹ̀ ẹ́ lọ láàárọ̀.

"Dìde," ló wí. "Ìwọ lo máa bá mi lọ ṣílẹ̀kùn fún Imorou."

*

Kò rọrùn. Gafarou dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ níwájú àtìmọ́lé, Imorou sì wò ó pẹ̀lú ojú kan tó ṣí, kò ní kó dìde, kò ní kó má dìde. Abdias ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún un látòkèdélẹ̀. Imorou gbọ́ ọ tán kó tó sọ̀rọ̀.

"Dísìkì náà dà?"

"Ó wà lọ́wọ́ mi. Àmọ́ lọ sílé, ọmọ mi. Ìyàwó rẹ ń retí rẹ."

"N ó lọ. Iṣẹ́ tí wọ́n pè mí fún ni mi ò tíì ṣe tán." Ó yíjú sí Gafarou. "Ìwọ ò fẹ́ máa gbọ́ ọ nínú ilé eré. Ìyá Aminatou ò fẹ́ kó parẹ́. Kí ló dé tó fi gbọ́dọ̀ wà nínú kọ̀ǹpútà? Lọ yá rédíò oníkásẹ́ẹ̀tì wá, ká gba ohùn náà sórí kásẹ́ẹ̀tì fún wọn."

Rédíò Célestin ni wọ́n yá, Célestin sì tẹ̀ lé e wá. Imorou so dísìkì àtijọ́ padà mọ́ ẹ̀rọ. Gafarou kò lè dúró nínú yàrá, ó jáde lọ sẹ́nu ọ̀nà, ó kọ ẹ̀yìn sí wọn. Wọ́n ṣí ilẹ̀kùn ẹ̀yìn díẹ̀. Lẹ́yìn ògiri, wọ́n gbọ́ bí Rahimath ṣe ń fa ẹní, bí ẹnì kan ṣe ń jókòó.

Ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í jí. Ó ha, ó kérora, ó dúró. Gbogbo wọn dúró dè é. Imorou tẹ ibi ìgbohùnsílẹ̀ lára rédíò.

"Ẹ nu ọwọ́ yín!" Ohùn ọkùnrin kan bẹ́ jáde, ẹ̀rín ń bẹ nínú rẹ̀. "Ẹ nu ọwọ́ yín kí ẹ tó fọwọ́ kan ẹ̀rọ mi o! Ẹ̀yin tí ẹ̀ ń jẹ ẹ̀pà, mo ti rí yín!"

Ó parí síbẹ̀.

Lẹ́yìn náà, láti ẹ̀yìn ògiri, Sétou gbé ohùn sókè, bí obìnrin ṣe máa ń dá ọkọ rẹ̀ lóhùn láti ibi ìdáná:

"Irọ́ lẹ̀ ń pa, Bàbá Aminatou! Ẹ̀yin gan-an lẹ̀ ń da èèpo ẹ̀pà síbẹ̀!"

Lẹ́nu ọ̀nà, Gafarou bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà yí padà di ẹkún, ó di férémù ilẹ̀kùn mú, Rahimath sì jáde wá láti inú ilé, ó gbà á mọ́ra. Imorou jẹ́ kí kásẹ́ẹ̀tì náà máa yí lọ, ó sì gba ohùn gbogbo wọn sílẹ̀.